Ọwọ́ Ìyá Stephanie Níwájú Ọkọ̀

Bí ẹ bá dúró ní jẹ́tì Ubeji ní Warri láàárọ̀, tí ẹ rí ọkọ̀ Akínyẹlé tó ń bọ̀, ẹ má wulẹ̀ fi ojú wá Akínyẹlé. Ìyàwó rẹ̀ ni kí ẹ wò. Ìdí ẹ́ńjìnnì ni Akínyẹlé máa ń wà, lẹ́yìn pátápátá, bẹ́ẹ̀ sì rèé, tí ọkọ̀ bá ti mú eré, imú rẹ̀ á yọ sókè, ẹni tó wà lẹ́yìn ò sì ní rí nǹkan kan mọ́ àyàfi orí àwọn èrò. Rebecca ìyàwó rẹ̀, Ìyá Stephanie, ló ń jókòó sí imú ọkọ̀, òun ló ń fi ọwọ́ sọ̀rọ̀. Bó bá na ọwọ́ ọ̀tún, ọkọ rẹ̀ á yà sọ́tùn-ún. Bó bá na ti òsì, á yà sósì. Bó bá wá gbé méjèèjì sókè tó fi wọ́n dábùú ara wọn, kí Akínyẹlé pa ẹ́ńjìnnì lójú ẹsẹ̀ ni, kó má bi í léèrè ohunkóhun. Bí bàbá àti ìyá Akínyẹlé ṣe ṣe é nìyẹn nígbà tí wọ́n kó wá láti Ìlàjẹ, bí àwọn náà ṣe ń ṣe é nìyẹn. Akínyẹlé a tiẹ̀ máa fọ́nnu pé òun lè dijú wa ọkọ̀, kí ọwọ́ Ìyá Stephanie ṣáà ti wà níwájú.

Ṣé ẹ wá rí i pé bí ojú obìnrin yẹn bá bàjẹ́, kì í ṣe tirẹ̀ nìkan ló bàjẹ́.

Ibà kan ló dá a dùbúlẹ̀ nígbà òjò. Nígbà tó máa dìde, nǹkan kan bá a dìde. Wínníwínní báyìí ni, dúdú àti funfun, ó ń sá kiri lójú rẹ̀ bíi tẹlifíṣọ̀n tí eríà rẹ̀ já. Ó bo ògiri, ó bo omi, ó bo ojú ọmọ èèyàn. Rebecca rò pé èéfín iná gáàsì tí àwọn elépo rọ̀bì ń jó ló wọ òun lójú. Ta ni kò ní rò bẹ́ẹ̀ ní Ubeji wa yìí, níbi téèyàn ti ń sá aṣọ funfun tó sì ń lọ ká aṣọ eléèérí? Ó fi omi fọ ojú. Ó fi ọṣẹ fọ̀ ọ́, ó ta á bí ata. Ó wá di ojú pinpin, ó ní kí ó sinmi díẹ̀. Wínníwínní náà wà níbẹ̀, nínú ojú tó dì, ó ń hó yẹ́ẹ́. Háà! Èéfín wo ló ń wọ inú ojú tí a dì? Ẹ̀rù bà á débi pé ó jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀.

Lẹ́yìn ìyẹn ni nǹkan bẹ̀rẹ̀ sí í ṣẹ́kù. Akínyẹlé á jáde lẹ́nu ọ̀nà, ẹnu ọ̀nà á ṣófo, síbẹ̀ Akínyẹlé á ṣì dúró síbẹ̀ fún ìgbà díẹ̀, àwọ̀ rẹ̀ á ti ṣá bíi fọ́tò tí oòrùn jẹ. Bí ọkọ̀ kan bá kọjá lọ́sàn-án, ọkọ̀ náà á ti lọ, àwòrán rẹ̀ á kù lórí omi. Oòrùn ń gún un lójú. Etí rẹ̀ ń dún. Ìrọ̀lẹ́ ló wá burú jù, torí tí ilẹ̀ bá ti ń ṣú, wínníwínní náà á nípọn, omi àti igbó ẹ̀gbẹ́ odò á dà pọ̀ mọ́ ara wọn, kò ní mọ ibi tí ọ̀kan parí sí.

Kò sọ fún ẹnikẹ́ni. Kí ló fẹ́ sọ? Ọkọ rẹ̀ ò ní ẹlòmíràn tó lè jókòó sí imú ọkọ̀ fún un. Àti pé, ká sòótọ́, Rebecca fẹ́ràn ibẹ̀. Nínú ilé, gbogbo èèyàn ló ń pàṣẹ fún un. Lórí omi, ọwọ́ rẹ̀ nìkan ló ń pàṣẹ.

Nǹkan ọ̀hún ì bá ti tú síta kíákíá, àfi bí ohun kan ṣe ṣẹlẹ̀. Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kan, wọ́n ń kó èrò bọ̀, ọkọ̀ kékeré kan sì ti kọjá níwájú wọn ṣíun. Rebecca rí i tó kọjá. Ó tún gbé ojú sókè, ọkọ̀ náà tún wà níbẹ̀, gbọọrọ, ó dábùú ọ̀nà. Kò ráyè rò ó. Ó na ọwọ́ òsì gbọn-ọn, Akínyẹlé já ọkọ̀ sósì, omi rọ́ lu àwọn èrò. “Oga driver, wetin dey worry you?” ni ọ̀kan nínú wọn ń sọ, ó ń nu ojú. Àfi bí òmíràn ṣe figbe ta. Lọ́wọ́ ọ̀tún wọn, níbi tí wọn ì bá gbà gan-an, gẹdú ńlá kan wà lábẹ́ omi, ẹ̀yìn rẹ̀ dúdú ló yọ díẹ̀. Ká ní wọ́n forí sọ ọ́ ni, ẹja ni ì bá jẹ oúnjẹ alẹ́.

Wòólì Ìkúnayọ̀ wà nínú ọkọ̀ lọ́jọ́ náà. Òun ni olórí ṣọ́ọ̀ṣì aláṣọ funfun tí wọ́n ń lọ, ọkùnrin gbọ̀ngbọ̀nràn kan tí ohùn rẹ̀ kì í lọ sílẹ̀. Ó dìde dúró.

“Ìyá Stephanie, ta ló fi igi yẹn hàn ọ́?”

“Mi ò rí igi, Wòólì,” ni Rebecca fèsì, òótọ́ ló sì sọ. “Ọkọ̀ kan ni mo rí. Ó ti kọjá lọ, àmọ́ ó ṣì wà níbẹ̀.”

“Ohun tó ti kọjá lọ ṣì ń hàn ọ́?” Wòólì gbé ọwọ́ sókè. “Halelúyà! Ojú ẹ̀mí ti là!”

Bí wọ́n ṣe sọ obìnrin aláìsàn di aríran nìyẹn. Mi ò ní purọ́ mọ́ wọn, kì í ṣe pé wọ́n burú. Nínú ṣọ́ọ̀ṣì wọn, ẹni tó bá ń rí ìmọ́lẹ̀ tó ń gbọ̀n, tó ń rí ohun tí ẹlòmíràn ò rí, tí etí rẹ̀ ń dún, Ọlọ́run ló ń bá sọ̀rọ̀. Gbogbo àmì náà pé sára Rebecca. Wọ́n so àmùrè aláwọ̀ búlúù mọ́ ọn nídìí lọ́jọ́ Àìkú, àwọn obìnrin tí kì í kí i tẹ́lẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í kúnlẹ̀ fún un. Wọ́n gbé ààwẹ̀ kà á lórí. Wọ́n gbé e jókòó síwájú àbẹ́là, wọ́n ní kó tẹjú mọ́ iná, kó má ṣẹ́jú, kó sọ ohun tó bá rí. Ó tẹjú mọ́ ọn títí omi fi ń dà lójú rẹ̀. Nígbà tó wo ògiri, àbẹ́là wà lára ògiri, ó ti di àwọ̀ ewé. Ó sọ ohun tó rí, Wòólì túmọ̀ rẹ̀, ìjọ pariwo. Ẹ gbà mí o! Ohun tó ń ba ojú obìnrin yìí jẹ́ gan-an ni wọ́n ń fún un jẹ bí oúnjẹ.

Akínyẹlé ńkọ́? Orí rẹ̀ wú. Àwọn èrò ń yan ọkọ̀ rẹ̀ láàyò, wọ́n ní ojú Ọlọ́run wà níwájú ẹ̀. Tẹ́lẹ̀, tí oòrùn bá ti fẹ́ wọ̀, á so ọkọ̀ mọ́lẹ̀ bí àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀. Ní báyìí, ìgbà tí wọ́n bá so tiwọn mọ́lẹ̀ ni òun ń gbéra, eré tó sì ń sá ti yàtọ̀. “Ìyá Stephanie, kí ni mò ń bẹ̀rù?” lá máa wí, á sì rẹ́rìn-ín. Rebecca á jókòó níwájú. Kò rí ọ̀nà mọ́ ní ìrọ̀lẹ́. Ó mọ odò náà sórí ni, ibi tó ti ń tẹ̀ àti ibi tó ti ń fẹ̀, ohun tó mọ̀ yẹn ló fi ń na ọwọ́. Ṣùgbọ́n ta ló lè mọ igi tí omi ń gbé bọ̀ sórí?

Stephanie ọmọ wọn ló kọ́kọ́ fura. Ó ti kúrò nílé, ó ń ṣe irun ní Jakpa Road. Ó wá kí wọn, ó sì rí ìyá rẹ̀ tó ń fi ọwọ́ tọ ògiri nílé ara rẹ̀, bẹ́ẹ̀ oòrùn ò tíì wọ̀ tán. Ó na ìka síwájú ojú ìyá rẹ̀, ìyá rẹ̀ ò ṣẹ́jú. Ọmọ yẹn bú sẹ́kún. Láàárọ̀ ọjọ́ kejì, ó purọ́ fún bàbá rẹ̀ pé àwọn ń lọ ra ẹja yíyan ní ọjà ńlá, ó sì mú ìyá rẹ̀ lọ sọ́dọ̀ dókítà ojú kan ní ẹ̀gbẹ́ ṣọ́ọ̀bù wọn.

Dókítà Muhsinah lorúkọ rẹ̀, ọmọ Ìjẹ̀bú tí wọ́n bí sí Warri, ó wé ìborùn mọ́ orí, ohùn rẹ̀ rọ̀. Bó ṣe gbọ́ tí Rebecca ń sọ Yorùbá, ó fi òyìnbó sílẹ̀. Ó tan iná sí i lójú, ó ní kó ka lẹ́tà ara ògiri, ó wo ẹ̀yìn ẹyinjú rẹ̀ fún ìgbà pípẹ́.

“Màmá, ojú yín mọ́ tónítóní. Kò sí ohun tó bo ẹyinjú, iṣan tó wà lẹ́yìn rẹ̀ dára.”

Rebecca di ọwọ́ Stephanie mú. “Tó bá rí bẹ́ẹ̀, wèrè ló ń bọ̀ nìyẹn.”

“Ó tì o, mà. Òótọ́ lẹ̀ ń rí ohun tí ẹ̀ ń rí. Ojú ló ń rí nǹkan, ọpọlọ ló ń ṣà á. Ariwo wẹ́wẹ́ tó yẹ kí ọpọlọ yín dá dúró síta, ó ti ń gbà á wọlé. Àwòrán tó yẹ kó pa rẹ́, ó ń fi í sílẹ̀. Visual snow ni àwọn òyìnbó ń pè é, torí ó jọ yìnyín wọn tó ń já bọ́.”

“Èmi ò rí yìnyín rí. Ó jọ tẹlifíṣọ̀n tí eríà rẹ̀ já.”

“Òun gan-an nìyẹn.” Dókítà rẹ́rìn-ín díẹ̀. “Mi ò ní tàn yín, kò sí oògùn tó máa gbá a dànù lọ́jọ́ kan. Mo máa kọ ìwé fún yín lọ sọ́dọ̀ dókítà ọpọlọ, kí wọ́n yẹ̀ yín wò dáadáa, ká lè mọ̀ pé kò sí nǹkan mìíràn lábẹ́ ẹ̀. Oògùn kan wà tí wọ́n ń lò fún wárápá, ó ń ran àwọn díẹ̀ lọ́wọ́, àwọn ló máa sọ bóyá ó yẹ yín. Èmi á fún yín ní awò ojú aláwọ̀ tó máa mú kí ìmọ́lẹ̀ yé gún yín. Ẹ máa sùn dáadáa. Ẹ fi ààwẹ̀ sílẹ̀. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ má tẹjú mọ́ iná kankan mọ́. Tí nǹkan bá sì dúró síwájú yín tí ẹ ò mọ̀ bóyá ó wà, ẹ yí ojú yín díẹ̀. Tó bá tẹ̀lé ojú yín, ti ọpọlọ ni. Tó bá dúró síbi tó wà, ó wà láyé.”

Rebecca ń sunkún, ẹkún ayọ̀ ni. Kò ya wèrè. Kò sí ẹ̀mí kankan tó ń bá a jà. Dókítà wá bi í léèrè iṣẹ́ tó ń ṣe. Stephanie ló dáhùn, ó sọ gbogbo rẹ̀, títí dórí ọwọ́ níwájú ọkọ̀. Ẹ̀rín kúrò lójú Dókítà.

“Màmá, ẹ gbọ́ mi dáadáa. Ẹ má jẹ́ ojú fún ẹnikẹ́ni lórí omi mọ́ tí oòrùn bá ti ń wọ̀. Ẹ sọ fún ọkọ yín lónìí. Ẹ máa pa èèyàn.”

Nínú kẹ̀kẹ́ tí wọ́n wọ̀ padà, Stephanie ò jẹ́ kó gbádùn. “Mama, tell Daddy today-today. If you no tell am, I go tell am.”

“Má ì tíì sọ. Mo bẹ̀ ọ́, Stephanie. Ọjọ́ Àìkú yìí ni ìkórè, wọ́n ti kéde pé èmi ni mo máa ṣíwájú. Kí ni bàbá rẹ á sọ fún wọn? Jẹ́ kí ìkórè kọjá. Tó bá ti di ọjọ́ Ajé, màá sọ ọ́ fúnra mi.”

“Mama, that na wahala o.”

“Mo ti gbọ́. Ọjọ́ Ajé.”

Ọmọ náà gbà, kò tẹ́ ẹ lọ́rùn. Inú mi máa ń bàjẹ́ tí mo bá rántí pé ó gbà.

Ẹ̀ka ṣọ́ọ̀ṣì tó wà lódì kejì odò ni wọ́n ti ṣe ìkórè náà. Láàárọ̀, àlọ wọn dára. Rebecca wọ awò tuntun rẹ̀, ó ní nítorí oòrùn ni, omi tutù lójú rẹ̀ fún ìgbà àkọ́kọ́ látìgbà tó ti ṣàìsàn, ó ń na ọwọ́. Bí wọ́n ṣe gúnlẹ̀, Wòólì Ìkúnayọ̀ yọ awò náà lójú rẹ̀. “Aríran ń wọ awò? Kí àwọn èèyàn má fi wá ṣe yẹ̀yẹ́.” Ó tì í bọ àpò sùtánà rẹ̀. Rebecca na ọwọ́ kó gbà á, Wòólì ti wọ inú ṣọ́ọ̀ṣì lọ.

Ìsìn gùn. Wọ́n ní dandan kó tún jókòó síwájú àbẹ́là, kó ríran fún àwọn ará odì kejì. Ó jókòó. Nígbà tí wọ́n máa ṣe tán, oòrùn ti rẹlẹ̀ sẹ́yìn igbó, iná gáàsì ti ń tàn pupa lọ́ọ̀ọ́kán. Àbẹ́là tó tẹjú mọ́ ṣì wà níwájú rẹ̀ níbi gbogbo tó bá yíjú sí. Ó lọ bá Akínyẹlé níbi tó ti ń da epo sínú ẹ́ńjìnnì.

“Bàbá Stephanie, ẹ jẹ́ ká sùn síbí.”

Akínyẹlé gbé orí sókè lójijì. “Kí ló dé? Ṣé o rí nǹkan ni?”

Ìbéèrè yẹn ló pa á lẹ́nu mọ́. Bó bá ní bẹ́ẹ̀ ni, irọ́ mìíràn ni. Bó bá ní òun ò rí nǹkan kan, òótọ́ ni, Akínyẹlé á sì ní ọ̀nà ti là nìyẹn. Ó fẹ́ sọ ọ́ wàyí. Ó ti ya ẹnu. Ni àwọn ará ìjọ bá ya dé tòun ti iṣu àti ọ̀gẹ̀dẹ̀ ìkórè, aláṣọ funfun ló kún ọkọ̀, Wòólì sì ti na ọwọ́ sí i láti imú ọkọ̀ pé kó máa bọ̀. Ó wọlé. Ọlọ́run ló mọ bí ẹsẹ̀ rẹ̀ ṣe gbé e débẹ̀.

Wọ́n gbéra, wọ́n ń kọrin. Ilẹ̀ ń ṣú kíá. Wínníwínní náà nípọn bí ọ̀pọ̀ kòkòrò, kò rí igbó ọ̀tún, kò rí ti òsì. Ó fi etí gbọ́ omi, ó fi orí ro odò náà: ibi tó tẹ̀ nìyí, ó na ọwọ́ òsì. Akínyẹlé yà. Ibi tó fẹ̀ ló kàn. Ni ohun dúdú kan bá dábùú iwájú rẹ̀.

Ó rántí Dókítà. Ó yí ojú sọ́tùn-ún díẹ̀. Ṣé ó tẹ̀ lé e? Ó yí i sósì. Wínníwínní yẹn ò jẹ́ kó mọ̀. Ó lè jẹ́ àbẹ́là nì. Ó lè jẹ́ ọkọ̀ tó ti kọjá lọ. Ó lè jẹ́ ikú. Ara Rebecca ò gbà á mọ́. Ó dìde dúró lórí imú ọkọ̀, ó kọ ẹ̀yìn sí omi, ó kọjú sí ọkọ rẹ̀ níwájú gbogbo ìjọ, ó gbé ọwọ́ méjèèjì sókè, ó fi wọ́n dábùú ara wọn.

“Pa á! Bàbá Stephanie, pa á! Mi ò ríran! Ó ti pẹ́ tí mi ò ti ríran mọ́!”

Akínyẹlé pa ẹ́ńjìnnì. Orin dá. Wọ́n ń gbọ́ omi tó ń lù sí ẹ̀gbẹ́ ọkọ̀, kò sí ohun mìíràn. Ojú ń ti Rebecca, ó sì tún ń rò ó pé, ó dára, ó ti jáde lẹ́nu mi, ó tán. Ara rẹ̀ fúyẹ́.

Ni òórùn epo rọ̀bì bá gba ibẹ̀ kan. Ọkọ̀ onígi ńlá kan, irú èyí tí àwọn tó ń jí epo gbé ń lò, tí kì í tan iná rárá, yọ láti inú òkùnkùn. Ó gba iwájú wọn kọjá, ó súnmọ́ wọn débi pé ìgbì rẹ̀ rẹ sùtánà àwọn tó wà níwájú.

“Ó rí i!” Wòólì Ìkúnayọ̀ ló figbe ta. “Ojú ara ò rí i, ojú ẹ̀mí rí i! Halelúyà!”

“Halelúyà!” Gbogbo ọkọ̀ gbà á.

“Mi ò rí i!” Rebecca ń ké, ó ń sunkún. “Wòólì, ẹ gbọ́ mi! Àìsàn ni! Dókítà ní ọpọlọ mi ni!”

“Ẹ gbọ́ bó ṣe ń rẹ ara rẹ̀ sílẹ̀ níwájú Olúwa!”

“Dókítà wo?” Akínyẹlé ló bi í láti ẹ̀yìn. Ó gbọ́ ọ. Òun nìkan ló gbọ́ ọ. “Ìyá Stephanie, dókítà wo?”

Ṣùgbọ́n orin ti bẹ̀rẹ̀, àtẹ́wọ́ ti bẹ̀rẹ̀, Wòólì sì ń kígbe sí i pé kó máa wa ọkọ̀ lọ, pé ta ló ń dúró sáàárín odò níbi tí ọkọ̀ olè ń gbà, ṣé ó fẹ́ kí òmíràn tún wá bá wọn níbẹ̀ ni? Akínyẹlé fa okùn ẹ́ńjìnnì. Ó dún. Akínyẹlé ní lọ́kàn ara rẹ̀ pé ní ti dókítà, tí àwọn bá délé, òun á gbọ́ ọ. Kí òun ṣáà máa wo ọwọ́ ìyàwó òun bí òun ṣe ń wò ó tẹ́lẹ̀.

Rebecca tún gbé ọwọ́ méjèèjì sókè, ó tún fi wọ́n dábùú ara wọn. Arábìnrin tó wà lẹ́yìn rẹ̀ rí i. Ó rò pé ẹ̀mí ló ní kí wọ́n ṣe bẹ́ẹ̀, ó gbé tirẹ̀ sókè, ó fi wọ́n dábùú ara wọn. Ẹni tó tẹ̀lé e náà ṣe bẹ́ẹ̀. Wòólì ṣe é. Gbogbo ọkọ̀ ṣe é, wọ́n ń kọrin, apá funfun kún ojú òfuurufú láti iwájú dé ẹ̀yìn.

Akínyẹlé na ọrùn, ó ń wá ọwọ́ ìyàwó rẹ̀ láàárín ọwọ́ wọn, kò rí i. Ó rò pé ìjọsìn ni gbogbo wọn ń ṣe, kì í ṣe àmì. Ó fún ẹ́ńjìnnì níná, imú ọkọ̀ sì yọ sókè.